Èèpo Ọsàn Kì í Ṣe Ìdọ̀tí: Bí A Ṣe Lè Fi Ṣúgà Sè É Nínú Ilé Wa

Iṣẹ́ tí wọ́n gbé lé mi lọ́wọ́ ni pé kí n sọ̀rọ̀ lórí bí a ṣe lè fi ṣúgà se èèpo ọsàn nínú ilé, kó di ìpanu tó dùn, tó sì ṣeé tọ́jú. Mo gba iṣẹ́ náà tayọ̀tayọ̀, torí ọ̀rọ̀ tó ti pẹ́ lọ́kàn mi ni. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ bá mi gbà kí n tó jókòó kò pọ̀: ohun tí à ń dà sí gọ́tà lójoojúmọ́ ládùúgbò wa ní Ṣómólú àti Bàrígà, oúnjẹ ni, ọgbọ́n tí a ó fi sọ ọ́ di oúnjẹ sì ti wà lọ́wọ́ àwọn ìyá wa tipẹ́.

Láti Onípánù wọ Ṣómólú, kí ẹ gba ojú ọ̀nà Bajulaiye já sí Bàrígà, títí lọ dé Ìlàjẹ létí ọ̀sà, ẹ ó máa bá àwọn ọlọ́sàn pàdé pẹ̀lú báró tàbí àtẹ wọn. Ọ̀bẹ mímú ni wọ́n fi ń bó ọsàn yípo. Èèpo òde nìkan ni ọ̀bẹ náà ń gbé kúrò, fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, ara funfun a sì kù yí ọsàn ká. Wọn a bẹ́ ẹ lórí, oníbàárà a fẹnu sí i, a fún un mu, a ju ìyókù nù. Iṣẹ́ ọwọ́ gidi ni bíbó ọsàn báyìí, mo sì bọ̀wọ̀ fún àwọn tó ń ṣe é. Àmọ́ nígbà tí ilẹ̀ bá ń ṣú, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ báró yẹn. Òkìtì èèpo ló wà níbẹ̀. Bí kò bá sí ẹni tó kó o, òjò tó bá rọ̀ ni yóò gbé e wọ gọ́tà. Gọ́tà Bàrígà kò sì nílò ẹrù kún ẹrù. Gbogbo ẹni tí omi ti lé dìde lórí ibùsùn rí níhìn-ín mọ ohun tí mò ń sọ.

N kò sọ pé a ò mọ èèpo ọsàn lò rárá o. Àwọn ìyá wa ń sá a sóòrùn, wọ́n ń finá sí i lálẹ́ kí èéfín rẹ̀ lè lé ẹ̀fọn. Àwọn mìíràn ń jù ú sínú tíì, òmíràn ń bá ewé wọnú ìkòkò àgbo. Gbogbo ìlò wọ̀nyí, òróró tó wà lójú èèpo ni wọ́n ń wá, yálà wọ́n mọ orúkọ rẹ̀ tàbí wọn kò mọ̀ ọ́n. Ẹ mú èèpo ọsàn tútù, ẹ tẹ̀ ẹ́ lẹ́bàá iná àbẹ́là, ẹ ó rí i bí iná yóò ṣe ta pàrà. Òróró náà ló jó. Nínú òróró ọsàn, ohun tí àwọn onímọ̀ ń pè ní limonene kó ju ìdá 90 nínú ọgọ́rùn-ún lọ, òun ló sì ń fún ọsàn ní òórùn tí a mọ̀ ọ́n mọ́. Òórùn yẹn ni adùn ohun tí a fẹ́ sè.

Ṣùgbọ́n èèpo òde yẹn nìkan kò tó fún iṣẹ́ wa. Ara funfun tó wà lábẹ́ rẹ̀, tí a máa ń rò pé kò níláárí, òun gan-an ló ń gba ṣúgà sára. Ó rọ̀, ó ní ihò wẹ́wẹ́ nínú, ó sì kún fún pẹ́kítìnì, ohun kan náà tó ń mú kí jáàmù dì. Bí èèpo òde bá wà láìsí funfun, yóò gbẹ, yóò le bí igi. Bí funfun bá wà láìsí èèpo òde, yóò dùn, kò ní ta sánsán. Àwọn méjèèjì gbọ́dọ̀ wà papọ̀. Ìdí nìyí tí n kò fi ní kí ẹ lọ máa ṣa èèpo tí ọlọ́sàn ti bó sílẹ̀, èyí tó fẹ́lẹ́, tí iyanrìn ti bò. Ọsàn tí wọn kò tíì bó ni kí ẹ rà wálé. Ọ̀nà kejì, tí mo fẹ́ràn jù, ni ti àwọn tó ń fún omi ọsàn tà sínú ike. Wọn a la ọsàn sí méjì, wọn a fún omi rẹ̀, wọn a da ìlàjì tó kù nù, tòun ti èèpo òde àti funfun. Ẹni tó bá bá wọn sọ ọ́ kí wọ́n fọ ọsàn dáadáa kí wọ́n tó là á, kí wọ́n sì máa kó ìlàjì náà sínú abọ́ tó mọ́, ti rí ohun èlò tó pọ̀ lówó táṣẹ́rẹ́, bóyá lọ́fẹ̀ẹ́ pàápàá.

Irú ọsàn wo ló dára jù? Ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ti dùn mọ́ mi nìyí. Lára ọsàn dídùn tí àwọn onímọ̀ ohun ọ̀gbìn ní Nàìjíríà mọ̀ dunjú, ọ̀kan ń jẹ́ Agege 1, òmíràn ń jẹ́ Meran. Orúkọ ìlú tó wà nínú Ìpínlẹ̀ Èkó yìí ni méjèèjì. Ilé iṣẹ́ ìwádìí NIHORT, tí ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ n'Íbàdàn ní 1975, wà lára àwọn tó ń tọ́jú irú ọsàn bẹ́ẹ̀. Lónìí, ọ̀pọ̀ ọsàn tí à ń mu ní Èkó, láti Ìpínlẹ̀ Benue ni ọkọ̀ ti ń kó wọn wá sí Mile 12 àti ọjà èso Ikosi ní Ketu. Ẹ má ṣe jẹ́ kí àwọ̀ ewé ara wọn dà yín láàmú. Òtútù òru ló ń sọ èèpo ọsàn di pupa rẹ́súrẹ́sú, ilẹ̀ wa kò sì ní òtútù tó bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ọsàn wa lè pọ́n dénú, kó dùn bí oyin, kí èèpo rẹ̀ ṣì tutù yọ̀yọ̀. Ohun tí a ń wò ni bí èèpo ṣe nípọn tó. Gréèpù nípọn ju gbogbo wọn lọ, ṣùgbọ́n ó korò. Ọsàn gànyìn-gànyìn náà nípọn, òórùn rẹ̀ kò lẹ́gbẹ́. Èèpo tanjaríìnì fẹ́lẹ́ jù. Kò tó wàhálà tí a ó ṣe lórí rẹ̀.

Ẹnìkan lè bi mí pé ṣé kì í ṣe oúnjẹ òyìnbó ni mo fẹ́ kọ́ yín. Ìbéèrè tó yẹ ni, mo sì fẹ́ dá a lóhùn dáadáa. Ilẹ̀ Éṣíà ni ọsàn ti ṣẹ̀ wá. Àwọn Lárúbáwá ló gbé ọsàn kíkorò àti ìrèké lọ sí Sípéènì, àwọn Pọtogí sì wà lára àwọn tó gbé ọsàn dé etíkun Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà. Ní 1555, oníṣègùn Faransé tí ayé mọ̀ sí Nostradamus gbé ìwé kan jáde ní Lyon lórí bí a ṣe ń fi ṣúgà tọ́jú èso, ó sì kọ ti èèpo ọsàn sínú rẹ̀. Ní Dundee, ní Scotland, ilé iṣẹ́ Keiller bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọsàn kíkorò Sípéènì se mámáléèdì tà ní 1797. Bẹ́ẹ̀ ni ìtàn àwọn òyìnbó ṣe máa ń lọ, bí ẹni pé kò sí ọwọ́ tiwa níbẹ̀. Ṣùgbọ́n níbo ni ṣúgà ti wá? Oko ìrèké Bràsíìlì àti àwọn erékùṣù Kàríbíà ni, ẹrù ẹ̀jẹ̀ sì ni, torí àwọn ènìyàn tí wọ́n kó lẹ́rú láti Áfíríkà ni wọ́n gbin ìrèké náà, tí wọ́n gé e, tí wọ́n sì sè é. Ní ìdajì àkọ́kọ́ ọ̀rúndún 19, èbúté Èkó yìí wà lára ibi tí wọ́n ti kó ẹrú jù, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló sì gúnlẹ̀ sí Bàhíà ní Bràsíìlì. Ní Bràsíìlì di òní, wọ́n ń rẹ èèpo ọsàn kíkorò sómi, wọ́n ń pààrọ̀ omi náà léraléra, kí wọ́n tó sè é nínú omi ṣúgà. Àwọn kan lára àwọn tí wọ́n kó lọ àti ọmọ wọn padà wá sílé, àwọn tí à ń pè ní Àgùdà, tí wọ́n kọ́ ilé alárà sí Pópó Àgùdà ní Erékùṣù Èkó. Nítorí náà, bí ẹnìkan bá sọ pé oúnjẹ òyìnbó lèyí, ẹ sọ fún un pé òógùn ojú àwọn baba ńlá wa wà nínú adùn rẹ̀. Ẹ̀tọ́ wa ni láti jẹ ẹ́.

Tí a bá sì ń sọ nípa fífi ṣúgà dárà, ta ló fẹ́ kọ́ wa? Ẹni tó ń se bàbá dúdú mọ ìgbà tí omi àgbọn àti ṣúgà ń dúdú bọ̀ tí kò tíì jóná. Ẹni tó ń ṣe sìsí pẹlẹbẹ mọ ìgbà tí ṣúgà yọ́ tán, tí yóò da ẹ̀pà sí i, tí yóò sì tẹ́ ẹ kó tó dì mọ́ ọn lọ́wọ́. Àwọn tó ń ṣe é kò ní ohun tí wọ́n fi ń wọn ooru. Ojú ni wọ́n fi ń wò ó, imú ni wọ́n fi ń gbọ́ ọ. Ọgbọ́n kan náà ni a nílò lónìí, àfi pé ti èèpo ọsàn gba sùúrù jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wọ ilé ìdáná.

Ọsàn mẹ́fà tó nípọn lára ti tó fún ìgbà àkọ́kọ́. Ẹ fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ àti iyọ̀ díẹ̀ fọ̀ wọ́n, kí ẹ fi kànrìnkàn tuntun ha ara wọn. Bó bá jẹ́ ọsàn ilé ìtajà ńlá, tó wá láti òkè òkun, tí ara rẹ̀ ń dán, ẹ fọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì, torí wọ́n sábà máa ń fi ìda pa irú wọn lára. Ẹ bẹ́ orí àti ìdí ọsàn, ẹ fi ọ̀bẹ la èèpo rẹ̀ sọ́nà mẹ́rin láti òkè dé ìsàlẹ̀ láìgún inú rẹ̀, kí ẹ wá fi àtàǹpàkò ṣí i kúrò. Àwọn ọmọ lè mu ọsàn inú. Ẹ wá rẹ́ èèpo náà tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́, kó fẹ̀ tó ìdajì ìka ọwọ́ kékeré.

Ìkorò ni ọ̀tá tí a kọ́kọ́ máa bá jà. Ohun tó ń mú gréèpù korò, tí wọ́n ń pè ní naringin, máa ń yọ́ sínú omi gbígbóná. Èyí ni pé omi ló máa gbé e lọ. Ẹ da èèpo sínú ìkòkò, ẹ bu omi tútù bò ó, ẹ gbé e kaná. Nígbà tó bá ti hó fún bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ẹ da omi náà nù pátápátá, ẹ bu omi tuntun sí i, ẹ tún gbé e kaná. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni fún ọsàn dídùn. Gréèpù àti gànyìn-gànyìn a máa gbà tó ẹ̀ẹ̀mẹrin tàbí ẹ̀ẹ̀marùn-ún. Má ṣe gbà á lẹ́nu mi nìkan: mú ọ̀kan nínú èèpo náà, gé e jẹ. Bí ìkorò bá ṣì ń dá ọ lọ́nà ọ̀fun, tún omi pààrọ̀. Ìkorò díẹ̀ yẹ kó kù, torí láìsí i, ṣúgà lásán ni a ó máa jẹ. Nígbà tí omi ìkẹyìn bá fi máa kúrò, èèpo gbọ́dọ̀ rọ̀ débi pé èékánná yóò wọlé sí i láìjà. Èyí ṣe pàtàkì ju bí ọ̀pọ̀ ṣe rò lọ, torí láti ìgbà tí èèpo bá ti wọnú ṣúgà, kò ní rọ̀ mọ́. Bó bá ṣe le wọlé ni yóò ṣe le jáde.

Ẹ sẹ́ ẹ. Bí èèpo tó rọ̀ náà bá kún kọ́ọ̀bù mẹ́ta, ẹ wọn ṣúgà kọ́ọ̀bù mẹ́ta àti omi kọ́ọ̀bù mẹ́ta sínú ìkòkò tí ìdí rẹ̀ nípọn. Ẹ fún omi ọsàn wẹ́wẹ́ ṣíbí kan sí i. Kíkan rẹ̀ kì í jẹ́ kí gbogbo ṣúgà padà di hóró nínú ìkòkò. Nígbà tí ṣúgà bá yọ́ tán, ẹ da èèpo sí i, kí ẹ wá rẹ iná sílẹ̀ gan-an. Ìbáà ṣe gáàsì, ìbáà ṣe sítóòfù, ìbáà ṣe èédú, iná kékeré ni. Kó máa mí wúyẹ́wúyẹ́, kó má ṣe hó kùtùkùtù.

Ibí yìí ni ọ̀pọ̀ ti ń bà á jẹ́, ẹ fetí sílẹ̀ dáadáa. Nínú ìkòkò yẹn, omi inú èèpo ń jáde, ṣúgà ń wọlé dípò rẹ̀. Omi a máa yára jáde. Ṣúgà kì í yára wọlé. Bí iná bá pọ̀, tí omi ṣúgà tètè ki, yóò fa gbogbo omi èèpo jáde kí ṣúgà tó ráyè wọ inú rẹ̀, èèpo a sì wúnjọ, a gan. Àwọn àgbà ti sọ ọ́: ohun a fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, ohun a fagbára mú ní í le koko. N kò mọ ibi tí òwe yẹn ti bá iṣẹ́ mu tó báyìí. Wákàtí kan sí wákàtí kan àbọ̀ ni kí ẹ fún un. Bí gáàsì bá ń kó yín lọ́kàn sókè, ẹ sè é fún ogún ìṣẹ́jú, kí ẹ paná, kí ẹ dé e sílẹ̀ di ọjọ́ kejì, kí ẹ tún sè é fún ogún ìṣẹ́jú mìíràn. Èmi gbà pé ọ̀nà yìí gan-an ló dára jù, torí ní gbogbo òru tí ẹ ń sùn, ṣúgà ń ṣiṣẹ́ lọ, kò sì ná yín ní kọ́bọ̀.

Ẹ ó mọ̀ pé ó ti jinná nígbà tí funfun bá kúrò ní funfun, tó ń dán bíi dígí, tí ìmọ́lẹ̀ sì ń gba inú rẹ̀ kọjá. Ẹ fi ṣíbí bu omi ṣúgà náà díẹ̀, ẹ jẹ́ kó tutù, kí ẹ tẹ̀ ẹ́ láàárín ìka méjì. Bó bá fà bí okùn tín-ínrín, ó ti tó. Mo ní kí ẹ jẹ́ kó tutù o! Ṣúgà gbígbóná a máa jóni ju omi gbígbóná lọ, kì í sì í kúrò lára bọ̀rọ̀. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ọmọdé sún mọ́ ìdí ìkòkò náà. Omi ṣúgà tó bá ṣẹ́kù, ẹ kò gbọdọ̀ dà á nù. Ẹ rọ ọ́ sínú ìgò, ẹ fi mu sóbò, ẹ fi mu tíì. Òórùn ọsàn ti wọ̀ ọ́ lára pátápátá.

Gbígbẹ ló kù, àwa ará etí ọ̀sà sì ní láti fara balẹ̀ níbẹ̀, torí afẹ́fẹ́ wa kún fún omi, ṣúgà sì ń fa omi sára. Àwọn ìwé òkèèrè máa ń sọ pé kí a tẹ́ ẹ sílẹ̀ di àárọ̀ ọjọ́ kejì. Nígbà ọyẹ́, bẹ́ẹ̀ ni yóò rí. Nígbà òjò, ẹ lè jí bá a kó ṣì máa lẹ̀ mọ́wọ́. Ẹ tò ó sórí wáyà, kí wọ́n má fara kanra, kí atẹ́gùn lè gba òkè gba ìsàlẹ̀. Àwọn ará Ìlàjẹ tó ń yan ẹja ní Bàrígà ní irú wáyà bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ ra tuntun, kí òórùn ẹja má bàa wọ̀ ọ́. Ẹ fi nẹ́ẹ̀tì bò ó nítorí eṣinṣin, kí ẹ gbé ẹsẹ̀ tábìlì sínú agolo omi nítorí èèrà. Fáànù á ràn yín lọ́wọ́ bí iná bá wà. Ẹni tó bá ní ààrò gáàsì lè fi iná tó kéré jù lọ gbẹ ẹ, kó ṣí ilẹ̀kùn rẹ̀ sílẹ̀ díẹ̀. Nígbà tí kò bá rin mọ́, tó kàn ń lẹ̀ díẹ̀, ẹ yí i nínú ṣúgà gbígbẹ, kí ẹ kó o sínú ìgò gbígbẹ tó ní ìdérí tó le. Ṣúgà ti di omi tó kù nínú rẹ̀ mú, kòkòrò àìfojúrí kò rí omi lò, òun ni kò ṣe ní bàjẹ́ bọ̀rọ̀. Yóò lo ọ̀sẹ̀ díẹ̀ nínú kọ́bọ́ọ̀dù, yóò lo oṣù díẹ̀ nínú fíríìjì. Bó bá hu, ẹ dà á nù, ẹ má ṣe fọ̀ ọ́ jẹ.

Kí ni a ó fi ṣe? Ẹ jẹ ẹ́ bó ṣe rí. Ẹ gé e wẹ́wẹ́ sínú ṣinṣín, sínú búrẹ́dì. Àwọn tó ń ṣe kéèkì ìgbéyàwó àti kéèkì Kérésì ní Èkó ti ń ra irú rẹ̀ tipẹ́, èyí tó wá láti òkè òkun nínú ike, tí òórùn rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán kó tó gúnlẹ̀. Tiwa sàn jù. Ẹni tó bá sì fẹ́ gbé e ga, kó yọ́ ṣokoléètì, kó rì í dé ìdajì, kó jẹ́ kó dì. Ìpínlẹ̀ Oǹdó, tó ń mú kòkó jáde jù lọ ní Nàìjíríà, kò jìnnà sí wa.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ti ń ronú pé èyí lè di òwò, ẹ rò ó dáadáa. Kò sí àdúgbò kan ní Èkó tó lè ràn yín lọ́wọ́ lórí páálí àti lébẹ́ẹ̀lì ju Ṣómólú lọ, níbi tí gbogbo Èkó ti ń wá tẹ̀wé. Ilé iṣẹ́ ìwádìí FIIRO, tó ti wà láti 1956, kò jìnnà, Òṣòdì ni. Yaba Tech náà ní ẹ̀ka tó ń kọ́ni ní ìmọ̀ ìpèsè oúnjẹ. Ẹ lọ bi wọ́n léèrè. Bó bá di títà ní ṣọ́ọ̀bù, ẹ gba nọ́ńbà lọ́wọ́ NAFDAC, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn, kí ẹ má sì fi ẹ̀tàn kọ ọjọ́ sára rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ìlera gbọ́dọ̀ wọ̀ ọ́. Ṣúgà ni o, kì í ṣe ewébẹ̀. Ẹni tó ní àtọ̀gbẹ kò gbọdọ̀ fi ṣe ìpanu, ọmọdé kò sì gbọdọ̀ fi kún inú. Gréèpù tún ní ti ẹ̀ lọ́tọ̀: ní 1989, àwọn onímọ̀ kan ní Kánádà kéde pé ó ń mú kí oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru kan lágbára nínú ara ju bó ṣe yẹ lọ, ọ̀pọ̀ oògùn mìíràn ni wọ́n sì ti rí i pé ọ̀rọ̀ náà kàn láti ìgbà náà. Ẹni tó ń lo oògùn lójoojúmọ́ kó bi dókítà rẹ̀ kó tó fọwọ́ kan ti gréèpù. Ti ọsàn dídùn ni kó fi ṣe é.

Ẹ̀yin ìyálọ́jà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa bá àwọn ọlọ́sàn àti àwọn tó ń fún omi ọsàn sọ̀rọ̀, kí abọ́ tó mọ́ kan wà ní ìdí àtẹ kọ̀ọ̀kan fún èèpo. Ẹ̀yin aláṣẹ ìjọba ìbílẹ̀ Ṣómólú àti ti ìdàgbàsókè Bàrígà, ẹ fi àyè kan sílẹ̀ níbi tí a ó ti máa kọ́ àwọn obìnrin àti ọ̀dọ́ ní iṣẹ́ yìí, kí ìkòkò àti wáyà wà níbẹ̀. Ẹ̀yin tó kù, ọsàn mẹ́fà péré ni mo bẹ̀ yín fún. Ẹ rà á láìbó, ẹ sè é ní Sátidé tó ń bọ̀, kí ẹ sì fi díẹ̀ ránṣẹ́ sí aládùúgbò yín.